Ìbò Tí A Dì Nítorí Ẹfọ̀n

Abà Ọláògún,
Lọ́nà Owódé, Ẹ̀gbá.
Ọjọ́ kẹrìnlá, oṣù Kejì, 1981.

Mọ́níkẹ́ ọmọ mi,

Ṣé dáadáa ni ìwé yìí bá ọ ní Èkó, ṣé ara rẹ le, ṣé omi ń yọ lẹ́nu ẹ̀rọ ilé tí o ń gbé? O kú ọ̀gbẹlẹ̀ o, o kú ooru, o kú iṣẹ́ ọ̀gá. Àwa tí ó wà nílé ń jẹ, a sì ń mu. Ọlọ́run tí ń ṣọ́ ọ kò ní tòògbé lọ́jọ́ tó bá kàn ọ́. Ewúrẹ́ rẹ ti bí méjì, ọ̀kan nínú wọn jọ Olúbọ̀dé, ọdẹ ẹgbẹ́ mi tí ń gbé ìsàlẹ̀ odò, lójú àti nírùngbọ̀n.

Ọ̀rọ̀ ìbò ló mú mi kọ̀wé. Má fòyà, kì í ṣe ti àwọn olóṣèlú. Lọ́jọ́ ọjà Owódé kan lẹ́yìn ọdún tuntun, akọ̀wé kan tí ń jẹ́ Ọ̀gbẹ́ni Herbert wá láti ọ́fíìsì tí ń rí sí ọ̀rọ̀ igbó ní Abẹ́òkúta, ọmọkùnrin kan tí ẹsẹ̀ ṣòkòtò rẹ̀ fẹ̀ bí agogo ṣọ́ọ̀ṣì, ó kó gbogbo àwa ọdẹ jọ sábẹ́ igi ọdán. Ó ní ẹfọ̀n ti fẹ́rẹ̀ẹ́ tán nínú igbó, nítorí náà mẹ́ta péré ni kí a pa lọ́dún yìí, ọdẹ mẹ́ta ni yóò sì gba láísẹ́ǹsì rẹ̀. Ẹni tí kò bá gbà á tó yìnbọn sí ẹfọ̀n, ẹ̀wọ̀n ni. A bi í pé báwo ni wọn yóò ṣe mú ẹni mẹ́ta nínú àwa tí a lé ní ọgọ́rùn-ún. Ó ní ìbò ni.

Mọ́níkẹ́, mo mọ ìbò. Kò tíì pé ọdún méjì tí a tò sórí ìlà nínú oòrùn tí a tẹ̀ka. Nígbà tí ó wá kó fọ́ọ̀mù jáde, tí mo rí i pé ẹni tí kò mọ̀wé yóò fi àtàǹpàkò tẹ̀ ẹ́ nísàlẹ̀, iyèméjì mi tán. Ibi tí a bá ti ń fi àtàǹpàkò tẹ̀wé, ẹni tí èèyàn rẹ̀ bá pọ̀ ni yóò wọlé. Mo wo Olúbọ̀dé, ará ilé rẹ̀ kò ju mẹ́rin lọ, ọ̀kan nínú wọn kò sì bá a sọ̀rọ̀. Mo rẹ́rìn-ín sínú.

O mọ̀ pé ogójì ọdún ni mo ti ń dọdẹ. Kò sí ohun tí ń fẹsẹ̀ mẹ́rin rìn nínú igbó yìí tí n kò tíì pa, àfi ẹfọ̀n. Bàbá mi pa á, bàbá bàbá mi pa á. Eékún ọ̀tún mi sì ti sọ fún mi pé bí kò bá jẹ́ ọdún yìí, kí n má tún dárúkọ ẹfọ̀n mọ́.

Nítorí náà mo bẹ̀rẹ̀ sí í polongo. Mo gbé ọ̀yà yíyan dání láti ojúlé dé ojúlé. Mo ṣèlérí orí ẹfọ̀n fún àwọn àgbà, mo ṣèlérí itan fún àwọn opó, mo sì ṣèlérí ìrù fún èèyàn mẹ́rin. Mo mọ̀ pé ìrù kan ni ẹfọ̀n ní, ṣùgbọ́n mo rò pé bí wọ́n ṣe ń ṣe é nìyẹn. Olúbọ̀dé pàdé mi lọ́nà odò, ó ní Ògúnníyì, ṣé gómìnà àwọn ẹfọ̀n lo fẹ́ dù ni? Mo ní kí ó lọ wá èèyàn tirẹ̀.

Èèyàn mẹ́tàlélógún ló gbà láti dìbò fún mi. Èmi ni mo bá wọn kọ fọ́ọ̀mù wọn, orúkọ oníkálùkù lókè, àtàǹpàkò rẹ̀ nísàlẹ̀. Ìbéèrè inú rẹ̀ pọ̀ ju èyí tó yẹ kí wọ́n bi olùdìbò lọ, ṣùgbọ́n ìjọba ni. Wọ́n béèrè pé ṣé wọ́n ti dá olúwarẹ̀ lẹ́bi rí, ìyá rẹ, tó wà nínú àwọn mẹ́tàlélógún náà, ní kí n kọ ọ́ pé kò sí ẹni tó láyà láti dá òun lẹ́bi nínú ilé yìí. Wọ́n béèrè ohun ìjà, ó ní igi tí òun fi ń ro aró. Wọ́n béèrè iye ọdún tó ti ń lé ẹran, ó ní láti ọjọ́ tí òun ti ń sá èlùbọ́ nílé mi ni òun ti ń lé ewúrẹ́. Mo kọ gbogbo rẹ̀. Mo tún rí i pé ẹ̀rọ tí wọ́n fi tẹ fọ́ọ̀mù náà kò fi àmì kankan sórí orúkọ ẹran yẹn, mo bá fi kálámù mi fi í sí i, kí ó má di ẹ̀fọn, nítorí ẹ̀fọn ń dọdẹ wa lálaalẹ́ láìgba láísẹ́ǹsì lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni.

Nígbà tí mo kó wọn dé Abẹ́òkúta, Herbert kà wọ́n, ó ní Bàbá, tiyín dà? Mo ní ẹni tó bá mọ ìtìjú kì í dìbò fún ara rẹ̀. Ó wò mí títí, ó fẹ́ sọ̀rọ̀, ọ̀gá rẹ̀ sì pè é.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun tó kọjá ni ọjọ́ pé. A tún pé jọ ní Owódé. Wọ́n kó gbogbo fọ́ọ̀mù sínú bàsíà ńlá kan tí wọ́n yá lọ́wọ́ ẹlẹ́ja, wọ́n fi ìborùn di Harriet, nọ́ọ̀sì ilé ìwòsàn Owódé, lójú, wọ́n ní kí ó máa mú ìwé. Mo pariwo. Mo ní mo ti gbọ́ ìbò tí wọ́n gbé àpótí rẹ̀ sá lọ, mo ti gbọ́ ìbò tí òkú dì, n kò tíì gbọ́ ìbò tí wọ́n di ẹni tí ń kà á lójú. Wọ́n ní kí n jókòó.

Olúbọ̀dé ló kọ́kọ́ jáde. Lẹ́yìn rẹ̀ ni télọ̀ kan láti Papalanto. Ìkẹta, wọ́n ní Sìlífátù Ògúnníyì, Abà Ọláògún. Mo dìde, mo ṣí fìlà, mo juwọ́ sọ́tùn-ún, mo juwọ́ sósì, mo ń dúpẹ́ lọ́wọ́ àwọn èèyàn mi, mo ti dé orí ọ̀rọ̀ ìrù kí Herbert tó fà mí láṣọ. Ó ní Bàbá, ìyàwó yín ló jẹ ẹ́, kì í ṣe ẹ̀yin. Ó ní ìbò tí òun wí kì í ṣe ti olóṣèlú, bí ẹni ṣẹ́ kèké ni, orúkọ tó bá jáde ló ni ín. Mo ní kí ó wá orúkọ tèmi. Ó ní Bàbá, ẹ kò fi sílẹ̀.

Mọ́níkẹ́, kò sí ihò ọ̀yà kan nínú igbó yìí tí kò mọ orúkọ mi, wọ́n sì wá a tì nínú bàsíà ẹlẹ́ja.

Mo ní kò burú, kí wọ́n pa orúkọ ìyàwó mi rẹ́, kí wọ́n kọ tèmi, ọ̀kan náà kúkú ni wá. Ó ní òfin kò gbà á. Ẹni tí ó ni láísẹ́ǹsì ni yóò fi ọwọ́ ara rẹ̀ yìnbọn, ó sì lè mú aláàárù kan dání. Wọ́n kọ orúkọ aláàárù náà sẹ́yìn ìwé. Orúkọ mi ni.

Mo rò pé ìyá rẹ, tí alángbá ń lé, yóò ní kí a dá a padà. Ó ká ìwé náà, ó fi í sí etí ìró rẹ̀, ó ní Bàbá Mọ́níkẹ́, láti ọjọ́ tí o ti gbé mi sílé lo ti ń sọ ẹfọ̀n sí mi létí, jẹ́ kí n lọ wo nǹkan náà lójú. Ó ti ṣòfin sílẹ̀. A kò ní lọ lọ́jọ́ ọjà Ìtòkú, nítorí aṣọ rẹ̀ tí ń bẹ nínú ìkòkò aró. Ẹfọ̀n náà kò gbọdọ̀ jìnnà sí títì. Bí mo bá rí i, kí n tọ́ka sí i, òun yóò dijú, òun yóò yìnbọn sí i. Mo ní a kì í sọ̀rọ̀ nínú igbó. Ó ní láti ìgbà wo ni aláàárù ti ń kọ́ ọdẹ níṣẹ́?

Ohun tó dùn mí jù ni ìkíni. Àrẹdú o ni wọ́n máa ń kí ìyá rẹ, bí a ti ń kí aláró. Ní báyìí, ẹni tó bá ń kọjá á ní Ìyá Mọ́níkẹ́, àrìnpa o, ìkíni tí wọ́n fi ń kí mi. Òun á dáhùn pé Ògún á gbè wá o, á sì yára tọrọ àforíjì lọ́wọ́ Ọlọ́run nítorí ìrun tó ń kí. Wọn á wá yíjú sí mi, wọn á ní Bàbá, ẹ kú ẹrù o. Olúbọ̀dé ló bẹ̀rẹ̀ rẹ̀.

Mo ti ń rò ó lọ́kàn mi pé bóyá ìbò àwọn olóṣèlú náà, inú bàsíà ni wọ́n ń kó o sí.

Ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀ la ń lọ, kí òjò tó dé. Jọ̀wọ́ ra bàtà ròbà kan ránṣẹ́, ti obìnrin. Mo gbé ẹsẹ̀ ìyá rẹ lé bébà sìmẹ́ǹtì, mo fa ìlà yí i ká, ó wà nínú ìwé yìí. Mo gé ọmọńdinrín rẹ̀ kúrò nítorí àpò ìwé kò gbà á, kí o bá wa fi kún un. Fi owó díẹ̀ ránṣẹ́ fún ẹ̀tù ìbọn, orúkọ ìyá rẹ ni kí o kọ sí móní ọ́dà náà, má kọ tèmi, n kò fẹ́ ìyọnu. Bí ó bá ṣẹ́kù, ra tábà díẹ̀ sí i, aláàárù náà a máa mu tábà.

Orúkọ rẹ kò ní jáde níbi tí kò yẹ, wọn kò sì ní wá a tì níbi tó bá yẹ. Ohun tí o bá fi ọwọ́ ara rẹ ṣiṣẹ́ fún, ẹlòmíràn kò ní gba ìkíni rẹ̀. Àmín.

Èmi ni bàbá rẹ,
Àkànní Ògúnníyì,
Aláàárù.