Bàtà Kò Gbọdọ̀ Kọjá Ẹnu Ọ̀nà

                                        Ojúlé Kẹrìnlá,
                                        Òpópónà Ilé Ìtẹ̀wé.
                                        Ọjọ́ kọkànlá, oṣù kẹta.

Ẹ̀gbọ́n mi ọ̀wọ́n,

Ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta o. Ṣé àlàáfíà ni ẹ wà? Bàbá àwọn ọmọ ńkọ́, ṣé ikọ́ yẹn ti fi wọ́n sílẹ̀? Àbígbẹ̀yìn yín tí ẹnu rẹ̀ kì í dákẹ́ bíi tèmi ńkọ́? Ara tèmi le, ọkàn mi ni kò balẹ̀. Mi ò lè sọ ọ̀rọ̀ yìí lórí fóònù torí pé Màmá wa yóò gbọ́.

Èmi ni mo dà yín láàmú lọ́sẹ̀ tó kọjá pé kí ẹ fọwọ́ sí i kí wọ́n ṣiṣẹ́ abẹ sí gìgísẹ̀ Màmá. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má tíì fọwọ́ sí nǹkan kan. Èmi ni mo jẹ̀bi.

Ẹ mọ bó ṣe ń ṣe wọ́n. Bí wọ́n bá jí tí wọ́n fẹsẹ̀ kan ilẹ̀, àfi bíi pé wọ́n tẹ ìṣó. Dókítà ní iṣan tó so gìgísẹ̀ mọ́ ìdí ọmọ ìka ẹsẹ̀ ló ti fara gbọgbẹ́. Ó ní kí wọ́n máa fi táwẹ̀lì fa àtẹ́lẹsẹ̀ kí wọ́n tó sọ̀ kalẹ̀ lórí bẹ́ẹ̀dì, kí wọ́n máa yí ike omi dídì lábẹ́ ẹsẹ̀, kí wọ́n sì máa wọ bàtà tó ní tìmùtìmù ní gìgísẹ̀. Mo ń dúró tì wọ́n bíi tíṣà tó mú pàṣán. Wọ́n gba abẹ́rẹ́ pẹ̀lú. Ó lé lóṣù mẹ́jọ, síbẹ̀ ibi pẹlẹbẹ náà ni ọ̀bẹ fi ń lélẹ̀.

Ìgbà yẹn ni ọ̀rọ̀ iṣẹ́ abẹ wọlé. Dókítà ní ẹni tó bá ti ṣe gbogbo ìtọ́jú yòókù dójú àmì fún oṣù mẹ́fà sí ọdún kan, tí kò sì rọ̀ ọ́ lọ́rùn, ni àwọn ń ṣe é fún, torí pé ẹsẹ̀ lè máa kú tipiri lẹ́yìn rẹ̀, àtẹ́lẹsẹ̀ sì lè tẹ́.

Lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun tí a padà sọ́dọ̀ dókítà, ó mú bàtà Màmá, ó yí ìdí rẹ̀ sókè. Ìdí bàtà mọ́ bíi tuntun. Ó ní, "Màmá, ṣé ẹ ń wọ bàtà yìí nínú ilé ṣá?"

Màmá wo ojú mi. Wọ́n ní, "Dókítà, ilé ọmọ mi mọ́ tónítóní. Kí ni mo fẹ́ fi bàtà ṣe níbẹ̀?"

Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ mọ òfin mi. Láti ìgbà tí mo ti tẹ́ táìsì funfun yẹn, bàtà kankan kò kọjá ẹnu ọ̀nà mi, ẹ̀yin náà bọ́ tiyín. Òun ni ẹ fi ń pè mí ní Ìyá Onímọ́ọ̀pù, mo sì ń fi ṣe yangàn. Màmá kì í jáde. Láti yàrá dé kíṣìnnì, láti àárọ̀ dalẹ́, ẹsẹ̀ lásán ni wọ́n fi ń rìn lórí ohun tó le bí òkúta. Bí iná kò bá tán láṣọ, ẹ̀jẹ̀ kì í tán léèékánná.

Nígbà tí à ń bọ̀ wálé, mo bi wọ́n pé kí ló dé tí wọn ò sọ̀rọ̀. Wọ́n ní, "Ẹni tó bá wọ ilé onílé, òfin onílé ni yóò tẹ̀ lé." Èmi tí wọ́n fẹ̀yìn pọ̀n ni mo di onílé! Ojú tì mí dé egungun.

Dókítà ní ká fi iṣẹ́ abẹ sílẹ̀ ná. Kí wọ́n máa ti orí bẹ́ẹ̀dì wọ bàtà fún oṣù mẹ́ta, bí kò bá rọjú, ká padà wá.

Mo ti gbé bàtà náà síwájú bẹ́ẹ̀dì wọn. Ṣùgbọ́n láàárọ̀ yìí tí mò ń nu ilẹ̀, wọ́n wọ̀ ọ́ jáde. Bí wọ́n ṣe rí mi, wọ́n di ògiri mú, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í bọ́ ọ. Mo ju mọ́ọ̀pù nù, mo kúnlẹ̀ sínú omi, mo wọ̀ ọ́ padà fún wọn. Wọ́n ṣáà ń bẹ̀ mí pé ilẹ̀ ṣì tutù.

Ẹ bá mi kí gbogbo ilé. Ẹ sì bá mi bẹ Màmá, torí pé bí mo bá ti ẹnu bọ̀ ọ́, wọ́n á ní kò sí nǹkan kan.

Èmi ni àbúrò yín, tí kò lè fi orúkọ yìí yangàn mọ́,

Ìyá Onímọ́ọ̀pù.