Àmì Pupa Kan Ṣoṣo ní Òpópónà Yín

                                        Yàrá Kẹrin, Ilé Onígéètì Dúdú,
                                        Ẹ̀yìn Ilé Ìfìwéránṣẹ́.
                                        Ọjọ́ Kọkànlá, Oṣù Kẹfà.

Ẹ̀gbọ́n mi obìnrin ọ̀wọ́n,

Ṣé dáadáa ni ẹ wà? Ṣé orí tó ń fọ́ yín ti fi yín sílẹ̀? Ọkọ yín ńkọ́, ṣé wọ́n ṣì ń bá tẹlifíṣọ̀n jà? Inú mi dùn nígbà tí mo gbọ́ pé ọmọ wa ti ń jẹun dáadáa, ó sì ń sùn láìlo nǹkan kan látìgbà tó ti ilé ìwòsàn dé. Èmi náà wà láàyè, ọ̀gá mi náà wà láàyè, a ń ṣọ́ ara wa.

Ẹ rántí àwàdà tí ọ̀gá mi kọ sórí ẹ̀rọ ayélujára, pé àwọn tó ń gba ìtọ́jú nítorí oògùn olóró máa ń rìn bí ẹni tó ń wá bàtà nínú òkùnkùn. Ẹ̀yin lẹ fún un lésì tó gbóná jù, tí gbogbo èèyàn ń pín kiri. Ó ti tọrọ àforíjì báyìí. Ó ní bí ọ̀rọ̀ òun bá dun ẹnikẹ́ni, kí ó má bínú. Ó dà bí ẹni tó gbá èèyàn létí, tó wá ń béèrè bóyá etí náà wà níbẹ̀.

Lọ́jọ́ kejì, ó gbé ẹlẹ́rìndòdò tútù wá sórí tábìlì mi. Ọ̀gá tí kì í fún èèyàn lómi. Ó ní kí n ya máàpù ìlú, kí n fi àmì pupa kan dúró fún ẹnì kọ̀ọ̀kan tó wá gba ìtọ́jú oògùn olóró nílé ìwòsàn tó ń gbé iṣẹ́ àkọsílẹ̀ rẹ̀ fún wa, láti òpópónà dé òpópónà. A óò gbé e jáde pẹ̀lú àforíjì náà, kí aráyé lè rí i pé ọ̀rọ̀ ká òun lára. Mo yà á. Àárín ìlú dà bí ara ẹni tí ẹ̀fọn jẹ mọ́jú. Òpópónà yín ní àmì kan ṣoṣo.

Ẹ mọ ẹni tí àmì yẹn jẹ́. Àwọn aládùúgbò yín náà á mọ̀.

Mo bá kó àwọn òpópónà pọ̀ sí agbègbè ńláńlá, mo fi àwọ̀ tó ki ya ibi tí wọ́n pọ̀ sí, mo sì fi èyí tó fẹ́lẹ́ ya ibi tí wọn ò pọ̀ sí. Mo ṣàlàyé fún ọ̀gá pé àmì kan ṣoṣo kò yàtọ̀ sí kéèyàn kọ orúkọ. Ó rẹ́rìn-ín músẹ́.

"Ó dáa. Òpópónà ẹ̀yìn ilé ìwé yẹn ńkọ́? Tibẹ̀ nìkan, jẹ́ kó hàn."

"Sà, mi ò dárúkọ òpópónà kankan."

"Mò ń béèrè ni."

Òpópónà yín ni. Mi ò sọ pé ó mọ ohunkóhun. Mo kàn ní ó béèrè. Mo gbé máàpù méjèèjì lọ bá dókítà àgbà ilé ìwòsàn náà. Wọ́n ní ti agbègbè nìkan ló lè jáde, wọ́n sì ní kí n pa ti alámì rẹ́ lójú àwọn. Mo pa á rẹ́. Ọ̀gá ò tíì sọ̀rọ̀ burúkú kan sí mi, ìyẹn gan-an ló ń bà mí lẹ́rù.

Lánàá, ó ní òun fẹ́ wá tọrọ àforíjì lọ́wọ́ yín nílé. Òun yóò mú ayàwòrán dání, ó sì máa dáa kí gbogbo ìdílé wà níbẹ̀, títí kan ọmọ. Mo ní ẹ ti rìnrìn àjò.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ rìnrìn àjò.

Ẹ bá mi kí ọkọ yín, ẹ sì sọ fún ọmọ wa pé kó máa jẹun lọ.

Èmi ni àbúrò yín tí kò purọ́ rí títí di àná,
Dákẹ́-rẹ́rìn-ín.