Èmi Ni Mo Da Omi Sí Ilẹ̀ Rọ́bà Náà

Yàrá Kẹrin, Àjà Kejì,
Ilé Àwọn Òṣìṣẹ́-fẹ̀yìntì.
Ọjọ́ kẹsàn-án, oṣù Kẹta, 2019.

Akọ̀wé Àgbà,
Ìgbìmọ̀ Amójútó Ilé.

Ẹ̀yin Ọ̀gá,

ÌBÉÈRÈ PÉ KÍ Ẹ DÁ OBÌNRIN TÓ Ń NU ILẸ̀ ÀJÀ KEJÌ PADÀ SẸ́NU IṢẸ́

1. Ìwé ẹ̀sùn tí mo fọwọ́ sí ní oṣù Kọkànlá ni ẹ fi lé obìnrin yìí lọ. Irọ́ ni mo kọ síbẹ̀. Ìwé kẹta tí mo fi ń jẹ́wọ́ nìyí. N kò tíì rí èsì kankan.

2. Ìyá Fún-un-gbẹ ni à ń pè é, nítorí ohun tó máa ń sọ fún ẹnikẹ́ni tó bá mú mọ́ọ̀pù nìyẹn. Á kọ́kọ́ gbá ilẹ̀ rọ́bà wa, á fi ìdérí ọṣẹ kan péré sínú garawa omi, á fún mọ́ọ̀pù títí kò fi ní kán tótó mọ́, á sì nu ilẹ̀ láti ìdí ògiri bọ̀ sẹ́nu ọ̀nà. Á tún fi omi lásán nù ún, kí ó tó fi àkísà gbígbẹ parí rẹ̀.

3. Lọ́jọ́ kan, lẹ́yìn tí ó ti ṣiṣẹ́ tán tó sì ti lọ, mo da tíì sílẹ̀. Orí ilẹ̀ símẹ́ńtì ni mo dàgbà sí. Mo rò pé bákan náà ni gbogbo ilẹ̀. Mo da odindi garawa omi àti ìdajì ife ọṣẹ sí i, mo fi ìgbálẹ̀ gbá a kiri, mo sì fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. Ìyàwó mi jáde láti ilé ìwẹ̀, ó yọ̀ ṣubú, egungun ìbàdí rẹ̀ ṣẹ́.

4. Nígbà tí aṣojú yín béèrè ẹni tó nu ilẹ̀, àwọn ọmọ mi dúró yí mi ká. Ojú tì mí. Mo ní obìnrin náà ni. Èmi tí mo fi ọgbọ̀n ọdún na ọmọ ọlọ́mọ ní kíláàsì nítorí irọ́.

5. Ìyàwó mi kò rìn mọ́. Ó ní kí n má bá òun sọ̀rọ̀ àfi tí mo bá mú ìròyìn wá pé obìnrin náà ti padà. Mo lọ bẹ obìnrin náà nílé rẹ̀. Ó bi mí bóyá ìyàwó mi ti ń rìn. Mo ní rárá. Ó ní ẹ kú ìrọ́jú, ó sì rọra ti ilẹ̀kùn.

6. Mo mọ̀ pé ẹ ti gba ẹlòmíràn, n kò sì retí púpọ̀. Tí kò bá lè padà, ẹ jọ̀wọ́, ẹ yọ ìwé mi kúrò nínú fáìlì rẹ̀. Gbogbo ibi tó bá ti wáṣẹ́ ni wọ́n ti ń béèrè ọ̀rọ̀ rẹ̀ lẹ́nu yín. Bí ìyà bá sì tọ́ sí ẹnì kan, mo wà nílé. N kì í jáde mọ́.

Ẹ ṣeun tí ẹ bá kà á dé ìhín.

Èmi ni tiyín, pẹ̀lú ìtìjú,

Olùkọ́-fẹ̀yìntì, Yàrá Kẹrin.