Etí Ọ̀tún Fádà

Ọjọ́ Ajé, 5 Oṣù Kẹwàá, 1959
Fíìmù mọ́kànlélógójì. Adájọ́, fádà, dókítà tó ń sọ pé "kò sí ohun tí a lè ṣe mọ́". Gbogbo Ìlú Mẹ́síkò ló mọ ojú mi, kò sẹ́ni tó mọ̀ pé Eligio Barrientos ni mí. Ìyẹn ò dùn mí. Etí ló ń bà mí lẹ́rù. Ìbọn fíìmù ló pa tòsì lọ́dún 1946. Lónìí, nílé tẹlifíṣọ̀n, ohùn Tencha wọ ọ̀tún bí omi tó ń hó nínú ìkòkò tí a dé. Tencha ló ń jókòó sẹ́yìn gíláàsì, tó ń ka ọ̀rọ̀ oníkálukú sínú ẹ̀rọ kékeré tí a fi sétí. Bó bá ṣe kà á la ó ṣe sọ ọ́. A kì í kọ́ ọ sórí, torí wọ́n ń yí i padà títí a ó fi bọ́ síwájú kámẹ́rà. Kò sì sí àtúnṣe: bí a ṣe ń sọ ọ́ ni wọ́n ń gbọ́ ọ nílé.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 6
Mo ti sọ ariwo inú etí náà ní Àlejò. Kò tíì lọ.

Ọjọ́bọ̀, 8
Casilda, ìyàwó mi, da òróró tó lọ́ wọ́ọ́rọ́ sí mi létí. Mo sọ fún un pé ìdọ̀tí ni. Irọ́. Mo ń kọ́ gbogbo ojú ìwé sórí báyìí — nínú bọ́ọ̀sì, nínú balùwẹ̀. Rebollar olùdarí wa (Sìgá ni mo ń pè é) ká mi mọ́ ọn. Ó ní, "Don Eligio, ṣé ẹ fẹ́ padà sí iléèwé ni? Ẹ gbé bébà yẹn sílẹ̀ jàre, kí Tencha má lọ rò pé ẹ fẹ́ gba iṣẹ́ òun." Wọ́n rẹ́rìn-ín. Èmi náà rẹ́rìn-ín.
Lọ́dún tó kọjá, etí Cosme Urrutia, tó ń ṣe fádà ṣáájú mi, kò gbọ́rọ̀ dáadáa mọ́. Ọ̀rẹ́ rẹ̀ ni gbogbo wọn títí di ọjọ́ Ẹtì. Nígbà tó fi máa di Ajé, ẹlòmíràn ti wọ aṣọ fádà rẹ̀. Èmi ni ẹlòmíràn náà.

Ọjọ́ Ajé, 12
Tencha fà mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. "Fádà, ẹ ò gbọ́ mi." Mo ní mo gbọ́. "Ẹ̀ẹ̀mejì ni mo ní kí ẹ jókòó lọ́jọ́ Ẹtì. Ẹ dúró gbọin bí ère inú ṣọ́ọ̀ṣì." Ó ní òun ò ní sọ fún ẹnikẹ́ni. "Àmọ́ tí wọ́n bá ti yí ọ̀rọ̀ yín padà, màá gbé ọwọ́ sókè. Ohun tí ẹ máa wá ṣe, ẹ̀yin lẹ mọ̀ ọ́n."
Kí ló dé tó fi ṣàánú mi? Mo ti ka ìwé púpọ̀ nípa àánú. N kò tíì rí èyí tó ṣàlàyé rẹ̀ tán.

Ọjọ́rú, 14
Amparo, tó ń ṣe opó tó ń kú lọ, ní láti bi mí bóyá ọmọkùnrin rẹ̀ wà láàyè. Èyí tí mo kọ́ sórí: "Ó wà láàyè, arábìnrin." Mo kúnlẹ̀ tì í. Ó béèrè. Mo wo gíláàsì — ọwọ́ Tencha wà lókè. Wọ́n ti yí i padà. Sí kí ni? Àlejò nìkan ni mo ń gbọ́. Bí mo bá sọ èyí tó wà lórí mi, bóyá mo ti jí òkú dìde lójú gbogbo orílẹ̀-èdè. Mo dákẹ́. Mo di ọwọ́ Amparo mú, mo sì dákẹ́ títí. Ó wo ojú mi, ẹkún gbé e: "Ó ti kú nìyẹn." Bẹ́ẹ̀ gan-an ni wọ́n yí i sí.
Sìgá dì mọ́ mi. "Ìdákẹ́ yẹn, Don Eligio, ìdákẹ́ yẹn." Ẹ̀rù lásán ló pè ní ẹ̀bùn. Mélòó nínú ìyìn tí mo ti gbà rí ni kì í ṣe ẹ̀rù?

Ọjọ́ Ẹtì, 16
Ìwé àdéhùn dé. Ọdún kan gbáko, lójoojúmọ́, Fádà ni olórí eré. Casilda fi adìẹ se ọbẹ̀ mole bí ẹni pé ọdún dé. Ó ní, "Bàbá arúgbó yìí, ó di pé kí n máa tọrọ àyè lọ́wọ́ akọ̀wé rẹ kí n tó rí ọ." N kò lè jẹun.

Ọjọ́ Àìkú, 18
N kò tíì fọwọ́ sí i. Mo jókòó tì í nídìí tábìlì láti ìgbà tí a ti ti ṣọ́ọ̀ṣì dé. Ṣàdédé ni Casilda yọ síwájú mi. Ojú rẹ̀ le. Lẹ́yìn náà, kò le mọ́. Mo wá mọ̀ pé ó ti ń bá mi sọ̀rọ̀ láti ẹ̀yìn, ó ti pẹ́. Mo la ẹnu láti parọ́. Ó fi ọwọ́ bò mí lẹ́nu. Ó gba gègé lọ́wọ́ mi, ó yí ìwé àdéhùn náà sọ́dọ̀ ara rẹ̀, ó sì kọ ọ́ síbi tó yẹ kí n fọwọ́ sí: "Láti ìgbà wo?"