Ìwé Àdúà Ààfáà Kí Ọkọ̀ Ìlọrin Tó Gbéra

Ọjọ́ Àtìní, 1 Oṣù Kejì, 2016

Mo ti tẹ ìwé àdúà Ààfáà Àbdùlràhmàn tán sórí kọ̀ǹpútà. Láti ìgbà èwe wa ni bàbá náà ti ń kọ́ àwa ọmọ Yorùbá Niamey ní kéwú; wàláà nìkan ni a ní, kò sí ìwé. Àdúà ní Lárúbáwá, ìtumọ̀ Yorùbá lábẹ́ rẹ̀, kí àwa tí a bí síhìn-ín, tí Zarma yá lẹ́nu wa ju èdè àwọn òbí wa lọ, lè mọ ohun tí à ń bá Ọlọ́run sọ.

Ojú ń dun Ààfáà. Wọn yóò gbé e lọ sí Ìlọrin fún iṣẹ́ abẹ kí ìbò tó dé. Ohun kan ṣoṣo ló bẹ̀bẹ̀ fún: kí ìwé náà má dé ọwọ́ ọmọ kankan títí òun yóò fi yẹ̀ ẹ́ wò fúnra òun. Bí àmì kékeré kan bá ṣí nípò, àdúà ti di nǹkan mìíràn. Òun nìkan ló mọ̀ ọ́n dé ibẹ̀ nínú gbogbo wa.

Ọjọ́ Àtàlátà, 2

Alágídí — kọ̀ǹpútà ẹgbẹ́ àwa ọmọ Yorùbá ní àdúgbò Yantala — kọ̀, kò ṣí PDF náà. Ojú rẹ̀ funfun, ó dákẹ́. Ètò tó fi ń ṣí i ti gbó. Mo yọ ọ́ kúrò, mo fi tuntun sí i, mo pa ẹ̀rọ, mo tún tàn án. Ó ṣí. Eruku ọyẹ́ inú rẹ̀ — bíi gààrí.

Ọjọ́ Àlàmísì, 4

Mo gbé fáìlì lọ bá Sùfíyánù, ọ̀rẹ́ mi ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́ tó ń tẹ̀wé lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọjà Katako. Àwòrán àwọn olùdíje kún ilẹ̀ dé ẹnu ọ̀nà. Ìtìjú ńlá: lórí kọ̀ǹpútà tirẹ̀, àwọn lẹ́tà já kúrò lára wọn, òmíràn di àpótí òfìfo.

Ó ní, "Mùsíyọ̀ Lísáǹsì, ṣé àdúà àwọn àǹjọ̀nú nìyí?"

Oyè yunifásítì mi ló fi ń pè mí bẹ́ẹ̀. N kò rẹ́rìn-ín. Irú lẹ́tà tí mo lò kò sí lórí ẹ̀rọ rẹ̀, n kò sì dì í mọ́ fáìlì nígbà tí mo sọ ọ́ di PDF. Mo padà sí Yantala lọ dì í mọ́ ọn.

Ọjọ́ Jímọ̀, 5

Lẹ́tà ti so mọ́ra. Alihamudulilahi. Ṣùgbọ́n Sùfíyánù ní kí n ní sùúrù: Ọlọ́run lè dúró de òun, olùdíje kò ní dúró. Mo sọ fún un pé ìbò yóò kọjá, àdúà yóò kù. Ó ní kí n lọ bá wọn sọ ọ́ ní ìpàdé ẹgbẹ́ òṣèlú.

Ọjọ́ Àtìní, 8

Wọ́n ti ra tíkẹ́ẹ̀tì Ààfáà: Jímọ̀ yìí. Ìwé kò tí ì jáde.

Ọjọ́ Àlàrùbá, 10

Ẹ̀dà àkọ́wò dé. Mo gbé e gba orí afárá lọ sí ilé Ààfáà ní Harobanda. Ìdùnnú kò jẹ́ kí n tilẹ̀ ṣí i wò lọ́nà. Ààfáà ṣe àlùwàlá kí ó tó gbà á. Ó ṣí i láti ọwọ́ ọ̀tún, bí a ti ń ṣí ìwé kéwú.

Ìgbà náà ni mo rí i. Ẹ̀rọ ti to ojú ewé bíi ti ìwé Faransé, láti ọwọ́ òsì. Ojú ewé ìkẹyìn ló ṣí sílẹ̀ níwájú bàbá: àdúà ìsìnkú. Mo fẹ́ tọrọ àforíjì — ṣùgbọ́n ó ti fi ìka sí ìlà àkọ́kọ́, ó ti ń kà. Àdúà jíjí lójú oorun ló ń kà, ti ojú ewé kìíní. Ìka rẹ̀ ń rìn lórí ìsìnkú, ẹnu rẹ̀ ń dúpẹ́ pé ilẹ̀ mọ́.

"Ó dára, Zùbáír. Kò sí àṣìṣe."

Ìyàwó rẹ̀, Ìyá Hàwáù, sìn mí dé ẹnu ọ̀nà. Ó ní láti ìbẹ̀rẹ̀ ọyẹ́ ni ojú náà ti lọ. "Má jẹ̀ẹ́ kó mọ̀ pé o rí i, ọmọ mi. Ẹ̀rù ń bà á pé wọn á gba àwọn ọmọ kéwú lọ́wọ́ òun."

Ta ni yóò wá yẹ ìwé náà wò fún wọn?

Ọjọ́ Àlàmísì, 11

Mo yí ètò ìdìwé sí ọwọ́ ọ̀tún. Sùfíyánù béèrè bóyá èmi àti ìwé yìí ti ṣe yìgì, ó sì tún un tẹ̀.

Mo jókòó sórí ẹní níwájú Ààfáà. Mo ní, "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbọ́ kéwú mi, kí n má baà ṣi àwọn ọmọ lọ́nà lẹ́yìn yín."

Ó sún mọ́ mi. Lẹ́yìn náà ó dijú, bó ti máa ń dijú nígbà tí a bá gbé wàláà wá síwájú rẹ̀ ní kékeré. N kò ka ohun tí mo ti mọ̀ sórí. Ohun tó wà nínú ìwé ni mo kà, àmì kan lẹ́yìn òmíràn. Nínú àdúà arìnrìn-àjò, ó gbọ́wọ́ sókè.

"Padà."

Mo padà. Àmì kan kò sí níbẹ̀. Èmi ni mo fò ó. Mo fi bírò kọ ọ́ sí i.

Nígbà tí a kà á tán, ó ní, "Ẹ tẹ̀ ẹ́ fún wọn. Ojú ti yẹ̀ ẹ́ wò."

Kò sọ ojú ta ni.

Ọjọ́ Jímọ̀, 12

Ọkọ̀ Ìlọrin gbéra. Ààfáà juwọ́ láti ojú fèrèsé, sí ibi tí n kò dúró sí. Mo sáré lọ dúró síbẹ̀.