Àwẹ̀ró, Má Mu Ún

Bàbá mi ọ̀wọ́n, ẹni tí èéfín máa ń ṣíwájú rẹ̀ wọlé,

Mo mọ̀ pé ẹ ò kàwé nígbà tí ẹ wà láyé, pé èmi ni mo máa ń ka gbogbo ìwé tó bá wọlé sí yín létí. Mi ò mọ ẹni tó máa ka èyí fún yín. Àbí wọ́n ti ń kọ́ àgbà ní ìwé níbi tí ẹ wà? Tó bá jẹ́ bẹ́ẹ̀, àánú tísà yín ń ṣe mí, nítorí mo mọ bí ẹ ṣe máa ń sùn lọ tí ọ̀rọ̀ bá ti gùn.

Ilé dáa. Orúnkún ló ń yọ Màmá lẹ́nu, wọ́n sì ń bá ewúrẹ́ yín jà lójoojúmọ́ bí ẹni pé ẹ̀yin ni wọ́n ń bá jà. Láti ìgbà tí ẹ ti lọ, ìjọba ti kó gbogbo mọ́tò kúrò lọ́wọ́ òsì wá sí ọwọ́ ọ̀tún. Màmá ò tíì gbà. Ọ̀nà òdì ni wọ́n ṣì máa ń wò kí wọ́n tó sọdá, èmi ni mo sì máa ń di aṣọ wọn mú. Wọ́n tún ń la ọ̀nà ńlá kan láti Èkó lọ sí Ìbàdàn, katapílà sì ti gba ìdí ọ̀gẹ̀dẹ̀ yín kọjá ní Ìbàfò. Ọ̀nà náà ò dé àbàtà níbi tí àbà yín wà. Mo lọ wò ó. Ọkọ̀ ojú omi àtijọ́ yẹn ṣì wà níbẹ̀, omi òjò ti kún inú rẹ̀.

Ṣùgbọ́n kì í ṣe ìròyìn ewúrẹ́ ló mú mi gbé bírò. Àwẹ̀ró ni.

Ẹ rántí bí ẹ ṣe máa ń ṣe tí ẹ bá ń se ògógóró. Tí ẹmu inú àgbá bá ti ń hó, ẹ ó lọ jókòó sí ẹnu páìpù, níbi tó ti la inú ọkọ̀ tí ẹ bu omi tútù kún yẹn kọjá. Ẹ kì í bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀ nígbà yẹn. Ife àkọ́kọ́ tó bá kán, ẹ ó gbé e dìde, ẹ ó rìn lọ sí ìdí igi ògùrọ̀ kan ṣoṣo, igi kan náà, ẹ ó dà á sílẹ̀, ẹ ó sì sọ ọ́ jẹ́jẹ́ pé, Àwẹ̀ró, má mu ún. Ìgbà tí ẹ bá padà dé ni ẹ tó máa ń dáhùn ìkíni èèyàn, tí ẹ ó tún máa ṣàwàdà, tí ẹ ó sì fi ọwọ́ bo ẹnu rẹ́rìn-ín nítorí eyín iwájú yín tó kán. Ẹ sọ fún wa pé orí ọ̀pẹ ni ẹ ti já bọ́ tí eyín náà fi kán. Ẹ fi í sọ́kàn, mo máa padà sí i.

Nígbà tí mo wà ní kékeré, mo rò pé iwin inú igi yẹn ló ń jẹ́ Àwẹ̀ró. Mo máa ń kúnlẹ̀ kí i tí mo bá ń kọjá kó má baà di ẹ̀ṣẹ̀ sí mi lọ́rùn. Màmá ní tiwọn gbà pé obìnrin ni, obìnrin ẹlẹ́sẹ̀ méjì, tí ẹ gbé sílé síbì kan. Ẹ mọ iye ìgbà tí ọbẹ̀ yín ti jóná nítorí orúkọ yẹn. Lọ́jọ́ tí a sin yín, èmi ń sunkún, Màmá ń wo ẹnu ọ̀nà. Obìnrin èyíkéyìí tó bá sunkún jù, wọ́n á bi mí ta ni.

Ohun tó ń rú èmi lójú yàtọ̀. Ẹ̀yin tí ẹ kì í jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fọwọ́ kan iṣu sísun kí ń tó tọ́ ọ wò, ẹ̀yin tí ẹ máa ń kọ́kọ́ fi oyin kàn mí lẹ́nu, tí ẹ ní bí wọ́n ṣe ń ṣe nílé yín nìyẹn, pé ọmọ tó kéré jù ló ń kọ́kọ́ tọ́ gbogbo nǹkan wò, kí ló dé tó jẹ́ pé ife àkọ́kọ́ yìí nìkan ni ẹ kì í fẹ́ kí ń sún mọ́? Níbo sì ni ilé yín yẹn gan-an? Tí mo bá bi yín, àgbọ̀n lásán ni ẹ máa fi nà án fún mi. Lọ́hùn-ún. Mo ti dàgbà, mo ti di tísà, mo ń kọ́ ọmọ ọlọ́mọ ní orúkọ odò òkè òkun, mi ò sì mọ ibi tí wọ́n ti bí bàbá mi.

Ọ̀gá ilé-ìwé wa ní Mówe ló wá gbé ìmọ̀ràn kan dé. Ó ní ojú ti òun pé àwọn tísà òun ò mọ ahoro tó wà lẹ́bàá Ifọ̀, ká tó sọ pé kí ọmọ mọ̀ ọ́n. Ó ní a máa lo ọjọ́ kan níbẹ̀, kò sì sí ẹni tó máa káwọ́ gbera: ohun tí a bá rí, a ó fi ọwọ́ ṣe é. Bọ́lẹ́kájà kan ló kó wa. Mo wọ bàtà gíga, ìyà sì jẹ mí dáadáa.

Bàbá, mi ò mọ̀ pé ahoro lè dùn ún wò tó bẹ́ẹ̀. Ògiri amọ̀ tí òjò ti jẹ títí ó kù díẹ̀ kó bá ilẹ̀ dọ́gba, igi ti hù láàrin yàrá ẹni ẹlẹ́ni. Ọ̀gá wa fún wa ní ìgbálẹ̀ àti ọbẹ, ó ní ká ha ilẹ̀ àgbàlá kan. Bí mo ṣe ń ha á ni mo ń rí àpáàdì tí wọ́n dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn, wọ́n gún un mọ́lẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan títí gbogbo ilẹ̀ náà fi le bí àpáta. Ta ló jókòó tò wọ́n? Ṣé ẹ̀yìn kì í dùn ún? Èèyàn kan tẹ ìka mọ́ ọ̀kan nígbà tó ṣì jẹ́ amọ̀ tútù, mo fi ìka tèmi sí i, tiẹ̀ tóbi ju tèmi lọ. Wọ́n ní nígbà tí ọkọ̀ ojú irin dé, àwọn ará ibẹ̀ ń kó lọ sí Ifọ̀ díẹ̀díẹ̀ títí ó fi ku ẹyẹ.

Láti ibẹ̀ a gba àgbàlá kan lọ lẹ́tí odò, níbi tí wọ́n ti ń mọ ìkòkò lápá kan tí wọ́n sì ń se ògógóró lápá kejì. Ìyá kan ló kọ́ wa ní ìkòkò mímọ. Ìyá Oníkòkò ni gbogbo èèyàn ń pè wọ́n. Ojú òsì wọn funfun, ṣùgbọ́n ẹnu wọn mú. Wọn kì í jókòó mọ ìkòkò níbẹ̀. Ìkòkò á wà lójú kan, ẹni tó ń mọ ọ́n ni yóò máa yí i ká, yóò máa fi ẹ̀yìn rìn. Mo yí i títí òyì fi kọ́ mi. Ìyá wo tèmi, wọ́n ní ṣé ìkòkò ni àbí ìbàdí ẹnì kan. Gbogbo wa rẹ́rìn-ín. Mo fẹ́ràn wọn lójú ẹsẹ̀, mi ò sì mọ ìdí.

Ìgbà tó kan ọtí, ọ̀gá wa ní èmi ni kí ń gbé ife sẹ́nu páìpù nítorí ó mọ̀ pé iṣẹ́ bàbá mi ni. Òórùn yẹn, Bàbá. Òórùn aṣọ yín ni. Mo fẹ́rẹ̀ẹ́ wo ẹ̀yìn wò bóyá ẹ dúró níbẹ̀. Ife kún, ọkùnrin tó ń dáná sọ fún mi pé, “Ẹ dà á nù o, tísà. Èyí tó kọ́kọ́ jáde yẹn burú fún ojú.” Mo gbé e dìde, mo lọ sí ìdí igi tó sún mọ́ mi, mo dà á sílẹ̀, ẹnu mi sì sọ ọ́ fúnra rẹ̀.

“Àwẹ̀ró, má mu ún.”

Ìyá Oníkòkò wà lẹ́yìn mi, wọ́n ń ṣan amọ̀ lọ́wọ́. Ọwọ́ wọn dúró sínú omi.

“Kí lo wí?”

“Kò sí nǹkan, Ìyá. Bàbá mi ló máa ń sọ bẹ́ẹ̀.”

“Bàbá rẹ. Tó bá ń rẹ́rìn-ín, ṣé ó máa ń fi ọwọ́ bo ẹnu?”

Mo ní bẹ́ẹ̀ ni. Mo ní eyín wọn kan ló kán, pé orí ọ̀pẹ ni wọ́n ti já bọ́.

“Irọ́ ni. Èmi ni mo sọ ọ́ lókùúta nítorí ó jẹ àádùn mi.” Wọ́n nu ọwọ́ sí ìró. “Èmi ni Àwẹ̀ró. Àbúrò rẹ̀ ni mí.”

Ẹ mọ ìyókù jù mí lọ, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí ń rò ó fún yín bí wọ́n ṣe rò ó fún mi, bóyá apá kan wà níbẹ̀ tí ẹ̀yin ò mọ̀. Wọ́n ní ẹnì kan tó ń kọjá lọ ló kọ́ yín ní ọtí síse, ìkánjú sì pọ̀ nínú ẹ̀kọ́ náà. Iná tí ẹ kọ́kọ́ dá fúnra yín, ẹ ṣe ohun tí wọ́n ń ṣe nílé yín: ẹ gbé ife àkọ́kọ́ fún ẹni tó kéré jù. Epo ni, oyin ni, iṣu ni, kò sí èyí tó pa á lára rí. Ilẹ̀ ọjọ́ kejì mọ́, Àwẹ̀ró ò rí nǹkan. Ojú ọ̀tún padà díẹ̀díẹ̀, òsì ò padà. Ìgbà tí ó máa fi ríran mọ ẹni tó wà lẹ́bàá ẹní, ẹ ti lọ. Ẹ gbọ́, Bàbá: kò sẹ́ni tó lé yín. Bàbá yín wá yín dé Abẹ́òkúta. Nígbà tó yá, wọ́n ní ẹ ti bá ọkọ̀ ojú omi lọ sí Gánà.

“Gánà kẹ̀?” ni mo wí. “Ìbàfò ni wọ́n wà.”

“Ìbàfò yìí? Ìbàfò tí wọ́n ti ń wá ra ìkòkò lọ́wọ́ mi?” Wọ́n rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú méjèèjì. Wọ́n wá gbá mi lọ́wọ́ mú. “Ó dáa. Ṣé ẹsẹ̀ rẹ̀ ṣì lè gbé e wá, àbí kí èmi lọ bá a?”

Ibẹ̀ ló ti nira fún mi jù lọ láyé mi. Mo ní, “Wọ́n ti kú, Ìyá.”

Wọn ò sunkún. Wọ́n padà sí ìdí omi, wọ́n tún bẹ̀rẹ̀ sí í ṣan ọwọ́ tó ti mọ́.

“Ojú lọ, ọ̀kan ṣẹ́ kù,” ni wọ́n wí. “Ẹ̀gbọ́n ni mi ò ní méjì.”

Inú bí mi sí yín nígbà yẹn, Bàbá. Mi ò ní purọ́. Kí lẹ ń bẹ̀rù? Ìrìn-àjò tí èèyàn ò tíì ní jẹ àgbàdo kan tán nínú mọ́tò kó tó dé. Ẹ lè bá igi sọ̀rọ̀ ní gbogbo ọjọ́ ayé yín, ẹ ò lè bá ẹni tó ni orúkọ sọ ọ́.

Wọ́n bi mí bóyá gbogbo ìgbà tí ẹ bá se ọtí ni ẹ máa ń sọ bẹ́ẹ̀. Mo ní gbogbo ìgbà, pé ẹ kì í bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀ kí ẹ tó sọ ọ́. Wọ́n mi orí, wọ́n ní, “Ó pẹ́ kó tó sọ ọ́. Ṣùgbọ́n ó sọ ọ́.” Ìgbà yẹn ni omijé tó dé.

Mo délé, mo sọ fún Màmá. Wọ́n jókòó. Wọ́n bi mí, “Àbúrò?” Mo ní, “Àbúrò ni, Màmá.” Wọ́n ní, “Gbogbo ọbẹ̀ tí mo jó yẹn.” Ilẹ̀ ọjọ́ kejì mọ́, mo bá wọn ní ìdí sàréè yín, tàwọn ti orúnkún dídùn, wọ́n ń gbá a.

Mo tún yẹ àmù ẹnu ọ̀nà wa wò, bóyá ọwọ́ Àwẹ̀ró ló mọ ọ́n. Mo rántí pé ẹ̀yin lẹ rà á, pé ẹ ò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni gbé e kúrò lójú kan. Níbo lẹ ti rà á? Ṣé ẹ rí ẹni tó tà á, àbí ẹnì kan lẹ rán? Mo fọwọ́ pa ẹnu rẹ̀ títí, kò sọ nǹkan kan fún mi.

Àwẹ̀ró ń bọ̀ ní Sátidé. Màmá ti ní àwọn máa gún iyán, wọ́n sì bi mí ta ni yóò kọ́kọ́ tọ́ ọbẹ̀ wò. Mo ní kì í ṣe èmi, mo ti fi ipò náà sílẹ̀ fún ẹni tó ni ín. Lẹ́yìn tí wọ́n bá tọ́ ọ wò, a ó mú wọn wá síbi tí ẹ wà. Wọ́n ní ọ̀rọ̀ púpọ̀ tí wọ́n fẹ́ bá yín sọ, mi ò sì rò pé gbogbo rẹ̀ máa dùn létí.

Ẹ jọ̀ọ́, Bàbá mi, ẹ má sá.

Èmi ni, ọmọ yín tí ẹ máa ń kọ́kọ́ fi oyin kàn lẹ́nu.