Àgò Lẹ́nu Ọ̀nà Kọ̀ǹpútà Ìyá Mi

Ẹ kú ilé o, ìyá mi. Ẹ kú ìdúró ṣọ́ọ̀bù, ẹ kú eruku àwọn ọkọ̀ akẹ́rù tó ń ti Onígbólò bọ̀. Mo kí bàbá mi lóko Àgídí. Mo kí Ìyá Alágàárì tí ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ tiyín.

Òtútù Faransé ti dé sí Lyon níbí. Súẹ́tà tí ẹ rà fún mi ní ọjà Pobè ni mo fi ń sùn. Ní kíláàsì, kó tó dá mi lójú pé mo mọ ìdáhùn, ẹlòmíràn á ti sọ ọ́. Ibi tí ọkàn mi ti ń balẹ̀ ni inú kọ̀ǹpútà yín ní Sakété. Tí mo bá gba orí íńtánẹ́ẹ̀tì wọ inú rẹ̀ láti ibí, tí mo ń bá yín tẹ ìwé àwọn oníbàárà, ó ń ṣe mí bíi pé mo jókòó tì yín.

Ẹ rántí ọjọ́ àkọ́kọ́. Mi ò sọ fún yín kí n tó wọlé. Ẹ rí ọfà kékeré ojú kọ̀ǹpútà tó ń rìn kiri fúnra rẹ̀, ẹ figbe ta, ẹ fa wáyà yọ. Ìyá Alágàárì ní kí ẹ gbé e lọ fún wòlíì kó wọ́n omi àdúrà sí i, ẹ ní omi yẹn gan-an ló máa pa á. Nígbà tí mo pè yín, ohun tó dùn yín kọ́ ni ẹ̀rù. Ẹ ní ta ló kọ́ mi kí n máa wọlé onílé láìkágò. Láti ìgbà náà, mo máa ń kọ́kọ́ tẹ "Àgò o" sójú rẹ̀, n ó dúró títí ẹ ó fi tẹ "Àgò yà", bó tilẹ̀ ń pẹ́ kí ẹ tó rí gbogbo lẹ́tà rẹ̀.

Lọ́sẹ̀ tó kọjá, olùkọ́ wa sọ̀rọ̀ nípa Wíńdóòsì 7, ètò tó ń darí kọ̀ǹpútà, irú èyí tó wà nínú ẹ̀rọ yín. Ó ní àwọn tó ṣe é kò tún un ṣe mọ́. Ẹni tó bá ṣí i sílẹ̀ fún wíwọlé láti òkèèrè, olè lè gba ibẹ̀ wọlé. Àwọn ẹlẹgbẹ́ mi ń rẹ́rìn-ín pé ta ló tún ń lò ó. Ìwé ìbí àti káàdì ìdánimọ̀ àwọn èèyàn wa tó wà nínú rẹ̀ ni mo ń rò. Olè yẹn kò ní kágò fún yín.

Ẹ̀rọ yín kò lè gbé Wíńdóòsì tuntun. Mo yẹ̀ ẹ́ wò, mo tún yẹ̀ ẹ́ wò, bóyá èmi ni mo ṣì í. Ẹ jẹ́ kí n ti ilẹ̀kùn tí mo ń gbà wọlé láti òkèèrè náà, ìyá mi. Ẹ ó ṣì máa fi tẹ̀wé, ẹ ó ṣì máa ṣe fótókópì. Èmi nìkan ni kò ní lè wọlé mọ́. Mo mọ̀ pé ẹ máa ní kí n fi í sílẹ̀ ní ṣíṣí. Èmi náà ò fẹ́ tì í.

Lọ́jọ́ Sátidé, tí ẹ bá rí "Àgò o", ẹ dá mi lóhùn. Tí ọfà náà bá dúró, ẹ má bẹ̀rù, mo ti ti ilẹ̀kùn náà nìyẹn. Àgò tó kù, tí mo bá délé, ẹnu ọ̀nà ṣọ́ọ̀bù ni n ó ti fi ohùn ara mi ké e.

Ọlọ́run á ṣọ́ yín, á ṣọ́ ohun tí àwọn èèyàn fi sí yín lọ́wọ́. Ẹ bá mi kí gbogbo ilé.

Èmi ni ọmọ yín,
Fẹ́mi